Bí A Ṣe Lè Mú Kí Ilé-Ẹjọ́ Gíga Dá sí Ẹjọ́ Tó Ń Falẹ̀ ní Ilé-Ẹjọ́ Kékeré ní Nàìjíríà

Ọ̀pọ̀ ènìyàn ní Nàìjíríà ni ẹjọ́ wọn ti wà ní ilé-ẹjọ́ májísíréètì tàbí ní kóòtù ìbílẹ̀ fún ọdún púpọ̀, tí ó jẹ́ pé ọjọ́ mìíràn tí wọn yóò tún padà wá ni ohun kan ṣoṣo tí wọ́n ń gbà bọ̀ wálé. Àwọn mìíràn wà tí ọmọ wọn tàbí àbúrò wọn wà ní ọgbà ẹ̀wọ̀n láìtíì sí ilé-ẹjọ́ kankan tó dá a lẹ́bi, tó kàn jẹ́ pé ó ń retí ìgbẹ́jọ́. Nítorí irú wọn ni mo ṣe kọ ìtọ́sọ́nà yìí. Òfin fún ilé-ẹjọ́ gíga ní agbára láti pàṣẹ fún ilé-ẹjọ́ kékeré pé kí ó gbọ́ ẹjọ́ tí ó ti gbé tì, ṣùgbọ́n agbára náà kì í dìde fúnra rẹ̀: ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn ló gbọ́dọ̀ gbé e lọ síwájú ẹni tó tọ́, ní ọ̀nà tó tọ́, pẹ̀lú ẹ̀rí lọ́wọ́. Ẹ̀rí yẹn ni mo kà sí pàtàkì jù nínú gbogbo ohun tí màá sọ, nítorí pé kì í ṣe àìsí òfin ló sábà máa ń ba irú ẹ̀bẹ̀ yìí jẹ́. Àìlè fi ẹni tó fa ìdádúró náà hàn kedere ni.

Ohun tí òfin sọ nípa ìdádúró

Abala 36 nínú Ìwé Òfin Ilẹ̀ Nàìjíríà ti ọdún 1999 ni ìpìlẹ̀ ọ̀rọ̀ yìí. Ẹsẹ kìn-ín-ní rẹ̀ sọ pé ẹnikẹ́ni tí wọ́n bá fẹ́ pinnu ẹ̀tọ́ tàbí ojúṣe rẹ̀ ní ẹ̀tọ́ sí ìgbẹ́jọ́ òdodo láàárín àkókò tó bójú mu, ẹsẹ kẹrin sì sọ bákan náà fún ẹni tí wọ́n bá fi ẹ̀sùn ọ̀daràn kàn. Òfin náà kò dárúkọ iye oṣù tàbí iye ọdún kankan. Ní ọdún 1983, nínú ẹjọ́ Ariori àti Elemo, Ilé-Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ṣàlàyé pé àkókò tó bójú mu ni èyí tí kò ní tán àwọn tó ń ṣe ẹjọ́ àti àwọn ẹlẹ́rìí wọn lókun, tí ó sì tó fún kí ẹni tó ní làákàyè rí i pé wọ́n ṣe òdodo. Láti ọdún 1960 ni ẹjọ́ náà fúnra rẹ̀ ti wà nílẹ̀, ibi tí ó sì já sí ní 1983 ni pé kí wọ́n lọ tún un gbọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀.

Nítorí pé òfin kò dárúkọ iye ọdún, ẹ kò lè lọ síwájú adájọ́ kí ẹ sì sọ pé ọdún mẹ́ta ti pé, nítorí náà kí wọ́n dá yín láre. Ohun tí ilé-ẹjọ́ máa ń wò ni bí ọ̀rọ̀ inú ẹjọ́ náà ṣe díjú tó, ohun tí ẹ̀yin fúnra yín ṣe tàbí tí ẹ kò ṣe, ohun tí ẹni tó dojú kọ yín ṣe, àti ohun tí ilé-ẹjọ́ tí ẹjọ́ náà wà ṣe. Ẹni tó ti bẹ̀bẹ̀ fún ọjọ́ mìíràn lọ́pọ̀ ìgbà yóò ṣòroó gbà gbọ́ nígbà tó bá ń ráhùn pé ẹjọ́ òun pẹ́.

Ẹ kọ́kọ́ mọ ipò ilé-ẹjọ́ tí ẹjọ́ yín wà

Ilé-ẹjọ́ gíga ti ìpínlẹ̀ ní agbára àbójútó lórí àwọn ilé-ẹjọ́ tó wà lábẹ́ rẹ̀, abala 272 ìwé òfin sì dárúkọ agbára àbójútó yìí. Bí ẹjọ́ yín bá wà níwájú májísíréètì, ilé-ẹjọ́ gíga ìpínlẹ̀ yín ni ẹ máa kọjú sí. Bí ó bá wà ní kóòtù ìbílẹ̀, ẹ béèrè lọ́wọ́ akọ̀wé kóòtù bóyá ilé-ẹjọ́ gíga tàbí ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ti ìbílẹ̀ ló ń bójú tó o, nítorí pé ìpínlẹ̀ kan yàtọ̀ sí òmíràn lórí èyí.

Bí ó bá jẹ́ pé iwájú adájọ́ ilé-ẹjọ́ gíga ni ẹjọ́ yín ti ń falẹ̀, ọ̀rọ̀ yàtọ̀ pátápátá. Adájọ́ ilé-ẹjọ́ gíga kan kò lè pàṣẹ fún adájọ́ ilé-ẹjọ́ gíga mìíràn, nítorí ẹgbẹ́ ni wọ́n. Bákan náà ni ilé-ẹjọ́ gíga ti ìpínlẹ̀ kò ní agbára lórí ilé-ẹjọ́ gíga ti ìjọba àpapọ̀ tàbí ilé-ẹjọ́ tó ń gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́ àti agbanisíṣẹ́. Àwọn tó ṣi èyí gbé máa ń ná owó àti oṣù púpọ̀ lórí ìwé tí wọn yóò dà nù ní ọjọ́ àkọ́kọ́. Ohun tí ẹ lè ṣe nípa ilé-ẹjọ́ gíga fúnra rẹ̀ ń bọ̀ nísàlẹ̀.

Ẹ kó àkọsílẹ̀ jọ kí ẹ tó kọ ìwé kankan

Ẹ mú ìwé kan kí ẹ sì kọ gbogbo ọjọ́ tí ẹjọ́ náà ti wáyé sínú rẹ̀, láti ọjọ́ tí wọ́n ti fi í sílẹ̀ ní ilé-ẹjọ́. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọjọ́ kọ̀ọ̀kan, ẹ kọ ọ́ bóyá ilé-ẹjọ́ jókòó tàbí kò jókòó, ẹni tó wá àti ẹni tí kò wá, ẹni tó béèrè pé kí wọ́n sún ẹjọ́ síwájú, ìdí tó sọ, àti ọjọ́ tí wọ́n sún un sí. Ẹ má ṣe fi ọ̀rọ̀ tí ẹ gbọ́ ní ẹnu ọ̀nà kóòtù kún un. Bí ẹ kò bá rántí ọjọ́ kan dáadáa, ẹ fi àyè sílẹ̀, nítorí pé ìwé kóòtù fúnra rẹ̀ ni yóò sọ òtítọ́ rẹ̀.

Lẹ́yìn náà, ẹ kọ lẹ́tà sí rẹ́jísírà kóòtù pé ẹ fẹ́ ẹ̀dà àkọsílẹ̀ ìgbẹ́jọ́ náà tí kóòtù fi òǹtẹ̀ lù. Ẹ̀tọ́ yín ni. Abala 104 nínú Òfin Ẹ̀rí ti ọdún 2011 sọ pé òṣìṣẹ́ ìjọba tí ìwé ìjọba wà lọ́wọ́ rẹ̀ gbọ́dọ̀ fún ẹni tó ní ẹ̀tọ́ láti yẹ̀ ẹ́ wò ní ẹ̀dà rẹ̀, bí ẹni náà bá ti san owó tí òfin là kalẹ̀. Ẹ gba rìsíìtì owó tí ẹ san, kí ẹ sì mú ẹ̀dà lẹ́tà yín lọ́wọ́ kí wọ́n lè fi òǹtẹ̀ àti ọjọ́ tí wọ́n gbà á lù ú. Bí rẹ́jísírà bá ń dá yín dúró, lẹ́tà tí wọ́n lù ní òǹtẹ̀ yẹn náà ti di ara ẹ̀rí yín.

Nígbà tí àkọsílẹ̀ bá ti wà lọ́wọ́ yín, ẹ jókòó tì í kí ẹ sì wá ibi tí ìdádúró ti ń wá gan-an, nítorí pé ìdí kọ̀ọ̀kan ní oògùn tirẹ̀. Ó lè jẹ́ pé májísíréètì ni wọ́n gbé lọ sí ibòmíràn tí wọn kò sì tíì fi ẹlòmíràn rọ́pò rẹ̀. Èyí jẹ́ ọ̀rọ̀ Adájọ́ Àgbà ìpínlẹ̀, kò sì sí ìdí tí ẹ ó fi máa bá ẹnikẹ́ni ṣẹjọ́ lórí rẹ̀. Ó lè jẹ́ pé ọlọ́pàá tó ṣe ìwádìí ni kì í wá jẹ́rìí. Ó lè jẹ́ pé ọkọ̀ ọgbà ẹ̀wọ̀n kì í gbé ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn wá. Ó lè jẹ́ pé fáìlì wà lọ́dọ̀ agbẹjọ́rò ìjọba ní ọ́fíìsì tí gbogbo ènìyàn mọ̀ sí DPP, tí ìmọ̀ràn rẹ̀ lórí bóyá kí wọ́n bá ẹni náà ṣẹjọ́ kò sì tíì dé. Ó sì lè jẹ́ pé agbẹjọ́rò tiyín gan-an ni kì í wá, tó ń fi lẹ́tà ránṣẹ́ pé òun wà ní ilé-ẹjọ́ mìíràn. Mo mọ̀ pé èyí tó gbẹ̀yìn yìí máa ń nira fún ènìyàn láti gbà, ṣùgbọ́n bí àkọsílẹ̀ bá fi hàn bẹ́ẹ̀, ẹ bá agbẹjọ́rò yín sọ ọ́ kí ẹ tó fẹ̀sùn kan adájọ́, torí ohun tí adájọ́ ilé-ẹjọ́ gíga yóò kọ́kọ́ kà nìyẹn.

Ẹ bẹ ilé-ẹjọ́ náà fúnra rẹ̀

Kò sí ilé-ẹjọ́ gíga tí inú rẹ̀ máa ń dùn sí ẹni tó fo májísíréètì kọjá láìtíì bẹ̀ ẹ́. Kí agbẹjọ́rò yín kọ̀wé sí ilé-ẹjọ́ náà, kí ó bẹ̀bẹ̀ fún ìgbẹ́jọ́ kíákíá. Ìwé náà kò nílò láti gùn. Ó tó kí ó sọ pé ẹjọ́ yìí bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ báyìí, pé láti ìgbà náà ni wọ́n ti sún un síwájú ní iye ìgbà báyìí, pé olùpẹ̀jọ́ ló béèrè fún iye báyìí nínú rẹ̀, pé ilé-ẹjọ́ kò jókòó ní iye ìgbà báyìí, pé àwọn ẹlẹ́rìí wa ti ṣe tán, a sì bẹ ilé-ẹjọ́ kí ó fún wa ní ọjọ́ tó sún mọ́ra, tí ó bá sì ṣeé ṣe, kí ó gbọ́ ẹjọ́ náà ní ọjọ́ tó tẹ̀ lé ara wọn. Ẹ fún ẹnì kejì nínú ẹjọ́ ní ẹ̀dà rẹ̀.

Bí ilé-ẹjọ́ bá gbà, ọ̀rọ̀ ti parí, kò sì ná yín ní púpọ̀. Bí ó bá kọ̀, tàbí tí ó dákẹ́, ẹ ti ní ohun tí òfin ń béèrè kí ẹnikẹ́ni tó lè gba mandamus, àṣẹ tí ilé-ẹjọ́ gíga fi ń ní kí ilé-ẹjọ́ kékeré ṣe iṣẹ́ rẹ̀. Ohun náà ni pé ẹ béèrè pé kí wọ́n ṣe ojúṣe wọn, wọn kò sì ṣe é.

Lẹ́tà sí Adájọ́ Àgbà

Adájọ́ Àgbà ni olórí ètò ìdájọ́ ní ìpínlẹ̀. Yàtọ̀ sí ẹjọ́ tó ń gbọ́, ó ní agbára ìṣàkóso: ó lè béèrè lọ́wọ́ májísíréètì ìdí tí ẹjọ́ fi ń pẹ́, ó lè gba ẹjọ́ kúrò lọ́wọ́ ẹnì kan kí ó fún ẹlòmíràn, ó sì lè fi ẹni tuntun sí kóòtù tó ṣófo. Lẹ́tà sí i kò nílò owó ìfisílẹ̀ ẹjọ́, fún ọ̀pọ̀ ènìyàn sì ni, èmi yóò gbà wọ́n nímọ̀ràn pé kí wọ́n gbìyànjú rẹ̀ kí wọ́n tó ronú kan mandamus.

Ẹ má ṣe sọ ọ́ nínú lẹ́tà yín pé ẹ̀yin lẹ jàre nínú ẹjọ́. Adájọ́ Àgbà kò lè sọ fún adájọ́ kankan bí yóò ṣe dá ẹjọ́, lẹ́tà tó bá sì ń béèrè bẹ́ẹ̀ yóò jẹ́ kí wọ́n fura sí yín. Ìdádúró nìkan ni kí ẹ sọ, kí ẹ so ẹ̀dà àkọsílẹ̀ àti lẹ́tà ìbẹ̀bẹ̀ yín mọ́ ọn, kí ẹ sì fi ẹ̀dà ránṣẹ́ sí ẹnì kejì. Ẹ má ṣe wá adájọ́ lọ sí yàrá rẹ̀ ní ìkọ̀kọ̀, ẹ má sì ṣe fún akọ̀wé ní owó tí kò ní rìsíìtì kí fáìlì lè rìn. Yàtọ̀ sí pé ó jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ lábẹ́ òfin, yóò ba ẹjọ́ tó dára jẹ́.

Ohun kan wà tí ó yẹ kí ẹ rò dáadáa kí ẹ tó bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n gbé ẹjọ́ yín fún adájọ́ mìíràn. Bí ẹjọ́ bá kúrò lọ́wọ́ ẹni tó ti ń gbọ́ ẹ̀rí, ẹni tuntun sábà máa ń bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí pé ẹni tó máa dájọ́ ló yẹ kó fojú ara rẹ̀ rí ẹlẹ́rìí. Àwọn ẹlẹ́rìí tó ti jẹ́rìí yóò tún padà wá, òmíràn nínú wọn sì lè ti kú tàbí kí ó ti ṣí lọ. Ní 8 oṣù Karùn-ún ọdún 2020, nínú ẹjọ́ Udeogu, Ilé-Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ fagi lé ìdájọ́ ẹjọ́ ọ̀daràn kan tó ti wà nílẹ̀ láti 2007, nítorí pé wọ́n ti gbé adájọ́ tó ń gbọ́ ọ lọ sí ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn kí ó tó parí rẹ̀. Abala 396, ẹsẹ keje nínú òfin tó ń ṣàkóso ẹjọ́ ọ̀daràn ti gbìyànjú láti jẹ́ kí irú adájọ́ bẹ́ẹ̀ padà wá parí iṣẹ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n ilé-ẹjọ́ sọ pé ẹsẹ náà ta ko ìwé òfin ilẹ̀ wa. Nítorí náà, bí ó bá jẹ́ pé ẹlẹ́rìí kan tàbí méjì péré ló kù nínú ẹjọ́ yín, ó sàn kí ẹ bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n fi ipá mú ẹni tó wà nídìí rẹ̀ yára, ju kí ẹ bẹ̀bẹ̀ fún ẹni tuntun lọ. Bí ẹnikẹ́ni kò bá tíì jẹ́rìí rárá, ẹ kò ní pàdánù ohunkóhun.

Bí ó bá jẹ́ ẹjọ́ ọ̀daràn

Níhìn-ín ni òfin ti ran ènìyàn lọ́wọ́ jù, nítorí pé ó dárúkọ ọjọ́. Òfin Ìṣàkóso Ètò Ìdájọ́ Ọ̀daràn ti ọdún 2015, tí àwọn agbẹjọ́rò ń pè ní ACJA, wà fún ilé-ẹjọ́ ìjọba àpapọ̀ àti fún Àbújá. Àwọn ìpínlẹ̀ ní tiwọn, Ìpínlẹ̀ Èkó sì ti ní tirẹ̀ láti 2007 kí ti ìjọba àpapọ̀ tó dé. Ẹ wá òfin ìpínlẹ̀ yín kí ẹ tó lo nọ́ńbà abala kankan tí mo bá dárúkọ, nítorí pé nọ́ńbà àti iye ọjọ́ lè yàtọ̀.

Abala 110 nínú ACJA sọ pé ẹjọ́ tó bá wà níwájú májísíréètì gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ láàárín ọjọ́ 30 tí wọ́n fi ẹ̀sùn náà sílẹ̀. Bí kò bá bẹ̀rẹ̀ láàárín ọjọ́ 30, tàbí tí ó bẹ̀rẹ̀ ṣùgbọ́n tí kò parí lẹ́yìn ọjọ́ 180 tí wọ́n ti ka ẹ̀sùn sí olùjẹ́jọ́ létí, májísíréètì gbọ́dọ̀ kọ̀wé sí Adájọ́ Àgbà kí ó sì sọ ìdí rẹ̀. Ó tún gbọ́dọ̀ fi ìròyìn gbogbo ẹjọ́ ọ̀daràn tó wà lọ́dọ̀ rẹ̀ ránṣẹ́ ní oṣù mẹ́ta mẹ́ta. Abala 111 sọ pé kí àwọn aláṣẹ ọgbà ẹ̀wọ̀n máa fi orúkọ àwọn tó ti lé ní ọjọ́ 180 ní àtìmọ́lé láìtíì parí ẹjọ́ wọn ránṣẹ́ ní ọjọ́ 90 ọjọ́ 90. Ẹ wo bí èyí ti lágbára tó fún ẹni tó mọ̀ ọ́n: nínú lẹ́tà yín sí Adájọ́ Àgbà, ẹ lè béèrè bóyá ìròyìn lórí ẹjọ́ yín ti dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, bí kò bá sì tíì dé, ìbéèrè yẹn nìkan lè mú kí fáìlì náà jáde láti abẹ́ òkìtì.

Abala 396 ní tirẹ̀ sọ pé kí ìgbẹ́jọ́ máa lọ láti ọjọ́ dé ọjọ́. Bí èyí kò bá ṣeé ṣe, ẹ̀gbẹ́ kọ̀ọ̀kan kò ní ẹ̀tọ́ sí ju ìsúnsíwájú márùn-ún lọ, àlàfo láàárín ọ̀kan sí òmíràn kò sì gbọdọ̀ ju ọjọ́ iṣẹ́ 14. Lẹ́yìn márùn-ún yẹn, àlàfo náà kò gbọdọ̀ ju ọjọ́ 7, tí a ka òpin ọ̀sẹ̀ mọ́ ọn. Kí agbẹjọ́rò yín ka iye ìgbà tí olùpẹ̀jọ́ ti béèrè, kí ó sì sọ ọ́ ní gbangba kóòtù kí ó lè wọ inú àkọsílẹ̀. Ohun tí wọn kò bá kọ sínú àkọsílẹ̀, ilé-ẹjọ́ gíga kò ní rí i.

Bí ẹni yín bá wà ní àtìmọ́lé, ẹ má ṣe dúró de ìparí ẹjọ́ kí ẹ tó ṣe ohunkóhun. Abala 35, ẹsẹ kẹrin nínú ìwé òfin sọ pé ẹni tí wọ́n mú, tí wọn kò sì ṣe ẹjọ́ rẹ̀ láàárín oṣù méjì tó ti wà ní àtìmọ́lé, gbọ́dọ̀ gba òmìnira, yálà láìsí àdéhùn tàbí lórí àdéhùn tí yóò mú kó padà wá jẹ́jọ́. Ọ̀pọ̀ àwọn tí wọ́n fi ẹ̀sùn ìpànìyàn tàbí ìdigunjalè kàn ni wọ́n máa ń gbé lọ síwájú májísíréètì tí kò ní agbára láti gbọ́ irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀, tí yóò sì ní kí wọ́n lọ fi wọ́n pamọ́ títí ìmọ̀ràn DPP yóò fi dé. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ọdún ti máa ń ṣòfò. Lábẹ́ abala 296 ACJA, irú ìfipamọ́ yìí kò gbọdọ̀ ju ọjọ́ 14 lọ lẹ́ẹ̀kan, wọ́n sì lè fi ọjọ́ 14 mìíràn kún un. Lẹ́yìn èyí, ilé-ẹjọ́ gbọ́dọ̀ pe ọlọ́pàá àti agbẹjọ́rò ìjọba wá sọ ìdí tí wọn kò fi ní tú ẹni náà sílẹ̀.

Bí wọn kò bá tẹ̀ lé èyí, ẹ lè lọ sí ilé-ẹjọ́ gíga tààrà lábẹ́ abala 46 ìwé òfin, pẹ̀lú ìlànà tí wọ́n ṣe ní 2009 fún ìgbèjà ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn. Ọ̀nà yìí ní àǹfààní mẹ́ta tí mandamus kò ní: ẹ kò nílò àyè lọ́wọ́ adájọ́ kí ẹ tó fi í sílẹ̀, kò sí iye ọjọ́ tí ẹ̀tọ́ yín yóò fi kọjá, ẹbí tàbí ẹlòmíràn sì lè ṣe é ní orúkọ ẹni tó wà ní àtìmọ́lé. Ìlànà náà sọ pé kí wọ́n fi ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ rẹ̀ sí àárín ọjọ́ 7 tí wọ́n fi í sílẹ̀. Agbẹjọ́rò yín tún lè béèrè béèlì ní ilé-ẹjọ́ gíga, pàápàá fún ẹ̀sùn tí májísíréètì kò lè fún ènìyàn ní béèlì lórí rẹ̀.

Òfin mìíràn wà tó fún Adájọ́ Àgbà ní agbára láti tú ẹni tó wà ní ọgbà ẹ̀wọ̀n láìtíì jẹ́jọ́ sílẹ̀, bí àtìmọ́lé rẹ̀ bá hàn gbangba pé kò bá òfin mu, tàbí bí ó bá ti pẹ́ níbẹ̀ ju iye ọdún tó ga jù tí wọn ì bá dá fún un bí ó bá tilẹ̀ jẹ̀bi. Nítorí òfin yìí ni Adájọ́ Àgbà ṣe máa ń ṣe àbẹ̀wò sí ọgbà ẹ̀wọ̀n. Bí ẹ bá gbọ́ pé àbẹ̀wò ń bọ̀, ẹ tètè kọ orúkọ, ẹ̀sùn, nọ́ńbà ẹjọ́ àti ọjọ́ tí wọ́n mú ẹni yín sínú lẹ́tà kan ṣoṣo, kí ẹ fún ọ́fíìsì Adájọ́ Àgbà ní ọ̀kan, kí ẹ sì fún ọgbà ẹ̀wọ̀n ní ọ̀kan. Ẹni tí kò bá ní owó agbẹjọ́rò, kí ó lọ bá Legal Aid Council, ilé-iṣẹ́ ìjọba tó ń wá agbẹjọ́rò fún aláìní, ní ìpínlẹ̀ rẹ̀.

Àṣẹ mandamus

Mandamus ni àṣẹ tí ilé-ẹjọ́ gíga fi ń sọ fún ilé-ẹjọ́ kékeré pé kí ó ṣe iṣẹ́ tí òfin gbé lé e lọ́wọ́. Kò lè sọ bí yóò ṣe dá ẹjọ́. Ó kàn lè ní kí ó gbọ́ ọ kí ó sì dá a. Ìdí nìyí tí ó fi bá ẹjọ́ àríyànjiyàn lórí owó, ilẹ̀ tàbí ilé mu, níbi tí májísíréètì tàbí kóòtù ìbílẹ̀ kò fẹ́ fi ọjọ́ sí i, tàbí tí ó ti gbọ́ gbogbo ẹ̀rí tán ṣùgbọ́n tí kò dájọ́.

Ìpele méjì ló ní. Lákọ̀ọ́kọ́, agbẹjọ́rò yín yóò bẹ̀bẹ̀ fún àyè láti ṣe é, ẹ̀gbẹ́ kejì kì í sì í sábà sí níbẹ̀. Ìwé tí yóò mú lọ ni àlàyé orúkọ yín àti ohun tí ẹ ń béèrè, ìdí tí ẹ fi ń béèrè rẹ̀, àti ìwé ìbúra tó fìdí òótọ́ ọ̀rọ̀ náà múlẹ̀, tí ẹ̀dà àkọsílẹ̀ ìgbẹ́jọ́ àti lẹ́tà tí ẹ ti kọ sí ilé-ẹjọ́ kékeré so mọ́. Bí wọ́n bá fún un ní àyè, ìgbà náà ni yóò tó gbé ẹ̀bẹ̀ gan-an wá, tí wọn yóò sì fi ìwé ránṣẹ́ sí gbogbo ẹni tó kàn. Ìlànà ilé-ẹjọ́ gíga ti ìjọba àpapọ̀ fi oṣù mẹ́ta sí i láti ìgbà tí ohun tí ẹ ń ráhùn lé lórí ṣẹlẹ̀. Kí agbẹjọ́rò yín yẹ ìlànà ìpínlẹ̀ yín wò, kí ó sì ka ọjọ́ náà láti ìgbà tí ilé-ẹjọ́ kékeré kọ ìbẹ̀bẹ̀ yín, kí ẹnikẹ́ni má baà sọ pé ẹ ti pẹ́ jù.

Ẹ kíyè sí i pé ẹ̀bẹ̀ yìí náà lè di ìdádúró. Bí fáìlì bá ti lọ sí ilé-ẹjọ́ gíga, májísíréètì lè sọ pé òun ń dúró de àṣẹ, tí ẹjọ́ yóò sì dúró sójú kan. Nítorí náà, kí agbẹjọ́rò yín má ṣe béèrè pé kí wọ́n dá ìgbẹ́jọ́ dúró, kí ó sì jẹ́ ẹ̀dà ìwé ló lò dípò fáìlì gidi.

Nígbà tí ẹnì kejì bá ń fi kòtẹ́milọ́rùn dá ẹjọ́ dúró

Ọ̀nà tó wọ́pọ̀ láti fi pa ẹjọ́ tì ni kí ènìyàn pe ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn lórí ọ̀rọ̀ kékeré kan láàárín ìgbẹ́jọ́, kí ó sì béèrè pé kí ilé-ẹjọ́ ìsàlẹ̀ dúró dè é. Nínú ẹjọ́ Amadi àti NNPC ní ọdún 2000, ọdún 13 ni irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ fi rìn kí ó tó parí ní Ilé-Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ, ilé-ẹjọ́ náà sì gba àwọn agbẹjọ́rò níyànjú pé kí wọ́n máa kó irú àríyànjiyàn bẹ́ẹ̀ pọ̀ mọ́ kòtẹ́milọ́rùn ìkẹyìn. Fún ẹjọ́ ọ̀daràn, abala 306 ACJA ti ìlẹ̀kùn yẹn: ilé-ẹjọ́ kò gbọdọ̀ gba ẹ̀bẹ̀ pé kí ìgbẹ́jọ́ dúró. Ilé-Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ sì fọwọ́ sí abala náà nínú ẹjọ́ Metuh ní 2017. Fún ẹjọ́ mìíràn, ohun tí agbẹjọ́rò yín lè ṣe ni kí ó ta ko ẹ̀bẹ̀ ìdádúró náà pẹ̀lú ẹ̀rí, kí ó sì bẹ ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn pé, bí ó bá lé ẹnì kejì padà, kí ó kọ ọ́ sínú àṣẹ rẹ̀ pé kí wọ́n gbọ́ ẹjọ́ náà kíákíá. Ẹ má gbàgbé láti béèrè gbólóhùn yẹn, nítorí pé àṣẹ tí kò bá ní i kàn dá ẹjọ́ padà sórí ìlà ni.

Bí ó bá jẹ́ adájọ́ ilé-ẹjọ́ gíga ló pẹ́

Abala 294 ìwé òfin sọ pé ilé-ẹjọ́ tí ìwé òfin náà dá sílẹ̀ gbọ́dọ̀ dájọ́ láàárín ọjọ́ 90 tí wọ́n ti gbọ́ ẹ̀rí àti ọ̀rọ̀ ìkẹyìn agbẹjọ́rò tán, kí ó sì fún àwọn tó ń ṣe ẹjọ́ ní ẹ̀dà láàárín ọjọ́ 7. Ilé-ẹjọ́ májísíréètì kò sí lára àwọn tí ìwé òfin dá sílẹ̀, nítorí náà ẹ má ṣe fi abala yìí lé májísíréètì. Bí adájọ́ bá ti kọjá ọjọ́ 90, ẹ kọ̀wé nípasẹ̀ rẹ́jísírà, kí ẹ fi ẹ̀dà ránṣẹ́ sí Adájọ́ Àgbà. Bí kò bá sí ìdáhùn, ẹ lè kọ ẹ̀sùn sí ìgbìmọ̀ tó ń bójú tó àwọn adájọ́, èyíinì ni NJC, pẹ̀lú ìwé ìbúra àti ẹ̀rí, láìjáfara. Fún májísíréètì, ìgbìmọ̀ ètò ìdájọ́ ti ìpínlẹ̀ ni. Ìbáwí adájọ́ ni iṣẹ́ wọn; wọn kò lè dá ẹjọ́ yín.

Ẹ sì mọ̀ pé ìdájọ́ tó pẹ́ kì í ṣe òfo nítorí pé ó pẹ́ nìkan. Ẹsẹ karùn-ún abala kan náà sọ pé ilé-ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn kò ní fagi lé e àyàfi bí ẹni tó ń ráhùn bá fi hàn pé ìdádúró náà mú kí òdodo sọnù, bí àpẹẹrẹ bí ó bá hàn pé adájọ́ ti gbàgbé ohun tí ẹlẹ́rìí sọ tàbí bí ẹlẹ́rìí ṣe hùwà níwájú rẹ̀.

Nígbà tí àṣẹ bá ti wà lọ́wọ́ yín

Abala 287 ìwé òfin sọ pé ilé-ẹjọ́ tó wà nísàlẹ̀ gbọ́dọ̀ tẹ̀ lé àṣẹ ilé-ẹjọ́ tó ga jù ú lọ. Ṣùgbọ́n àṣẹ kì í rìn lọ fúnra rẹ̀. Ẹ gba ẹ̀dà rẹ̀ tí wọ́n fi òǹtẹ̀ lù, kí ẹ mú un lọ fún rẹ́jísírà ilé-ẹjọ́ kékeré, kí akódà kóòtù sì fún ẹnì kejì ní tirẹ̀, kí ẹ sì béèrè ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ ní ọjọ́ náà gan-an. Bí ọ̀sẹ̀ mélòó kan bá kọjá tí wọn kò fi ọjọ́ kankan sí i, kí agbẹjọ́rò yín padà lọ sọ fún adájọ́ tó pàṣẹ, pẹ̀lú ẹ̀rí ọjọ́ tí ẹ fi àṣẹ náà jíṣẹ́.

Láti ìgbà tí ẹ bá ti gba àṣẹ, gbogbo ojú yóò wà lára yín. Ẹ má ṣe béèrè fún ọjọ́ mìíràn mọ́, àyàfi fún àìsàn tàbí ikú. Kí ẹ bá gbogbo ẹlẹ́rìí yín sọ̀rọ̀ kí ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ tó pé, kí ẹ tètè béèrè ìwé ìpè kóòtù fún ẹni tí kò bá fẹ́ wá, kí ojúlówó gbogbo ìwé tí ẹ fẹ́ fi ṣe ẹ̀rí sì ti wà lọ́wọ́ agbẹjọ́rò yín kí wọ́n tó pe nọ́ńbà ẹjọ́ yín.